Ẹni Tó Fi Ewúrẹ́ Bú Ìjọba

Ìgbà tí Nehemiah Ọládòkun pé ẹni àádọ́rin ọdún ló ṣẹ̀ṣẹ̀ rántí pé akọni lòun. Kó tó di ìgbà náà, ọ̀rọ̀ ọ̀hún ti fò ó lórí. Tí ẹnikẹ́ni bá bi í pé iṣẹ́ wo ló ṣe nígbà tí àwọn ológun wà lórí àlééfà, á wúkọ́, á ní òun wà ní Ìbàdàn, òun ń kọ nǹkan díẹ̀díẹ̀, á sì yára béèrè bóyá àlejò náà á jẹ ọsàn. Ọsàn kì í wọ́n ní Fìdítì. Ọ̀pọ̀ èèyàn ló ti jẹ ọsàn lọ́wọ́ bàbá yìí láìmọ̀ pé ìbéèrè tí wọ́n gbé wá ni wọ́n ń bó jẹ.

Ilé iṣẹ́ rédíò kan ní Ọ̀yọ́ ló fa gbogbo ẹ̀. Wọ́n ń wá àgbà tí wọ́n máa fọ̀rọ̀ wá lẹ́nu wò ní ọjọ́ ìrántí ìjọba àwarawa. Ẹni tí wọ́n kọ́kọ́ pè kò lè wá torí pé inú ń run ún, ni ẹnì kan bá rántí pé bàbá kan wà ní Fìdítì tó máa ń kọ ìwé eré fíìmù láyé àtijọ́. Olóòtú ètò náà, ọ̀dọ́mọkùnrin tí wọn ò tíì bí nígbà tí à ń wí yìí, wá bi í pé, “Bàbá, ẹ̀yin tí ẹ jẹ́ òǹkọ̀wé, ṣé ẹ̀rù àwọn sọ́jà ò bà yín ni?”

Ìbéèrè náà dùn létí Nehemiah. Kò sí ẹni tó bi í bẹ́ẹ̀ rí. Ó wo gbohùngbohùn tó wà níwájú rẹ̀, ó rí i pé kò ní ojú tó lè fi wo òun lójú, ló bá tẹnu bọ̀rọ̀.

“Ẹ̀rù? Ta ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀? Gègé mi ni ìbọn mi. Mo bú wọn! Inú fíìmù tí àwọn fúnra wọn ní kí n kọ ni mo ti bú wọn. Nínú *Ìlú Tó Tòrò*, ewúrẹ́ kan wà tó rìn kọjá. Ewúrẹ́ yẹn kì í ṣe ewúrẹ́ lásán o. Olórí ìjọba ni.”

“Háà! Bàbá!” Olóòtú náà pariwo, ó sì ní kí wọ́n fi orin díẹ̀ sí i.

Ká má purọ́ mọ́ bàbá, ewúrẹ́ wà nínú fíìmù náà lóòótọ́. Ewúrẹ́ ìyá kan tó ń gbé nítòsí ibi tí wọ́n ti ń ya eré ni. Ó já okùn, ó gba iwájú kámẹ́rà kọjá, kò sì sẹ́ni tó ráyè lé e torí pé ọ̀gá sọ́jà tó wá wo iṣẹ́ wọn ń kánjú. Gbogbo ohun tí Nehemiah rántí nípa rẹ̀ kò ju pé òun sún sẹ́yìn kó má baà jẹ ìwé ọwọ́ òun.

Nígbà tó délé lọ́jọ́ náà, Àlàkẹ́ ìyàwó rẹ̀ ń ṣa ẹ̀wà lójúde. Ó ti gbọ́ ètò náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin.

“Bàbá Tóyọ̀sí, ẹ káàbọ̀. Ewúrẹ́ wo lẹ ń wí? Ṣé èyí tó jẹ gèlè mi nígbà tí mo gbé oúnjẹ wá fún yín níbi iṣẹ́?”

“Ó jẹ gèlè rẹ torí pé apàṣẹ wàá ni,” ni Nehemiah wí, ó sì wọlé.

Àlàkẹ́ wo ẹ̀yìn rẹ̀ títí ó fi wọ yàrá, ó mirí, ó sì padà sídìí ẹ̀wà rẹ̀. Ó ti gbé pẹ̀lú ọkùnrin náà pẹ́ tó láti mọ̀ pé bí irọ́ bá ti bá a lára mu báyìí, kò ní bọ́ ọ bọ̀rọ̀.

Òótọ́ sì ni. Láàárín oṣù mélòó kan, ewúrẹ́ náà dàgbà. Lẹ́nu àkọ́kọ́, ńṣe ló kàn kọjá. Nígbà tí Nehemiah máa sọ ọ́ ní ìpàdé àwọn ọkùnrin ní ìjọ Onítẹ̀bọmi, òun ló ra ewúrẹ́ náà fúnra rẹ̀. Nígbà tó máa fi dé etí àwọn tíṣà tó ti fẹ̀yìntì ní Jọ́bẹ̀lẹ̀, ó ti kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń yan bíi sọ́jà. Àwọn ọ̀dọ́ tó ń ya fíìmù ní Fìdítì, tí ọ̀kan tó ń jẹ́ Adéolúwa jẹ́ olórí wọn, gbọ́ ìtàn yìí, orí wọn wú. Wọ́n ní àwọn máa fún bàbá ní àwọ́ọ̀dù. Wọ́n ti ní kí wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ sára gíláàsì àwọ́ọ̀dù náà: “Akọni Gègé.”

Ibi tí ọ̀rọ̀ dé rèé tí Dókítà Dorothy fi dé.

Ọmọ bíbí Ìlọrà ni Dorothy, àmọ́ yunifásítì kan ní Jámánì ló ti ń kọ́ni. Ohun tó fi ọ̀pọ̀ ọdún kà ni ìtàn àwọn tó ń kọ fíìmù fún ìjọba tó jẹ níbẹ̀ láyé ogun Hítílà. Ìyá rẹ̀ ló fi ètò rédíò náà ránṣẹ́ sí i lórí fóònù. Nígbà tó wálé fún ìsinmi, ó ní kí wọ́n mú òun lọ sọ́dọ̀ bàbá ewúrẹ́.

Ó kúnlẹ̀ kí Nehemiah tòun ti ṣòkòtò jíǹsì rẹ̀, ó jókòó, ó sì gba ọsàn tí wọ́n bó fún un.

“Bàbá, mo gbọ́ yín lórí rédíò. Ó mú mi rántí ọkùnrin ará Jámánì kan tí mo kọ ìwé lé lórí. Ó kọ fíìmù rẹpẹtẹ fún ìjọba Hítílà. Nígbà tí ogun parí, wọ́n bi í léèrè ohun tó rí lọ́bẹ̀ tó fi waaro ọwọ́. Ó ní ńṣe lòun ń bú wọn nínú gbogbo rẹ̀.”

Nehemiah nà ró lórí àga. “Ẹ ò rí nǹkan! Akọni bíi tèmi.”

“Ajá ni tirẹ̀, sà.”

“Ajá?”

“Ó ní ajá kan wà nínú fíìmù òun tó ń gbó. Ó ní Hítílà ni ajá náà.”

Nehemiah sún síwájú lórí àga. “Ajá náà… ṣé wọ́n gbà á gbọ́?”

“Wọ́n gbà á gbọ́ dáadáa. Wọ́n tún fún un níṣẹ́. Fíìmù ló ń kọ títí tó fi kú, wọ́n sì fi orúkọ rẹ̀ sọ òpópónà kan.”

“Ará Jámánì mọyì àgbà,” ni Nehemiah wí. Ọkàn rẹ̀ balẹ̀ wọ̀ọ̀.

“Mo wo fíìmù náà fúnra mi, sà,” ni Dorothy wí. Ó tutọ́ kóró ọsàn sí ọwọ́. “Ajá yẹn ò gbó. Ńṣe ló sùn.”

Àlàkẹ́, tó ń gbálẹ̀ ẹ̀gbẹ́ fèrèsé, dáwọ́ dúró pẹ̀lú ìgbálẹ̀ lọ́wọ́.

“Mo fẹ́ wo tiyín, sà,” ni Dorothy wí.

“Háà, ọmọ mi, ó ṣe ni láàánú. Wọ́n ti sun ún. Nígbà tí wọ́n rí ohun tí mo fi pamọ́ síbẹ̀, wọ́n kó gbogbo rẹ̀, wọ́n dáná sun ún.”

“Ẹ ṣọpẹ́ nígbà náà, sà, torí pé ọ̀kan ṣẹ́kù. Kásẹ́ẹ̀tì ńlá àtijọ́ yẹn ni. Bàbá Ṣàmsúdéènì ní Akinmọ́rìn ló tọ́jú ẹ̀. Adéolúwa ní àwọn máa fi hàn ní ọjọ́ tí wọ́n bá ń fún yín ní àwọ́ọ̀dù, kí gbogbo ìlú lè rí ewúrẹ́ náà.”

Ọsàn bọ́ lọ́wọ́ Nehemiah, ó yí lọ sábẹ́ àga.

Kí ẹ lè mọ ìdí tí ọsàn fi bọ́, ẹ jẹ́ ká sọ ti Ṣàmsúdéènì. Tíṣà lòun àti Nehemiah ní ilé ẹ̀kọ́ kan náà ní Ìlọrà. Ṣàmsúdéènì ló dàgbà jù, òun ló sì kọ́ Nehemiah bí wọ́n ti ń kọ eré: ibi tí èèyàn ti ń jẹ́ kí ẹnì kan sọ̀rọ̀, àti ibi tí dídákẹ́ ti sàn jù. Àwọn méjèèjì jọ ń kọ eré fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ni, àwọn èèyàn sì ń ti Ọ̀yọ́ àti Awẹ́ wá wò ó. Nígbà tí ìjọba ológun dá ilé iṣẹ́ kan sílẹ̀ ní Ìbàdàn tí yóò máa ya fíìmù tó máa fi “kọ́ aráàlú ní ìwà ọmọlúàbí”, wọ́n wá mú àwọn méjèèjì lọ síbẹ̀. Wọ́n fún wọn ní tábìlì kọ̀ọ̀kan àti fáànù kan tí wọ́n jọ ń lò.

Ohun tí wọ́n ní kí wọ́n kọ kò le. Ìlú kan wà tí kò tòrò. Tíṣà kan ń kọ́ àwọn ọmọ pé kí wọ́n máa béèrè ìdí. Ọ̀gágun kan dé, ó tún ìlú ṣe, wọ́n mú tíṣà náà lọ, ìlú sì jáde, wọ́n ń jó. Ṣàmsúdéènì kọ ọ́ dé ibi tí wọ́n ti mú tíṣà lọ, ó gbé gègé rẹ̀ sílẹ̀.

“Wọ́n lè mú un,” ló sọ fún ọ̀gá sọ́jà tó ń darí ilé iṣẹ́ náà. “Ìyẹn máa ń ṣẹlẹ̀. Ṣùgbọ́n ìlú ò ní jó.”

“Ìlú á jó,” ni sọ́jà wí.

“Kò sí ìlú tó ń jó síyẹn, sà. Ilé ni wọ́n máa wọ̀ lọ, wọ́n á tilẹ̀kùn.”

Wọ́n wá mú Ṣàmsúdéènì nídìí tábìlì rẹ̀. Sọ́jà tó wá mú un yíjú sí Nehemiah tó jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó bi í pé, “Ìwọ, ṣé o mọ ọkùnrin yìí?” Nehemiah, tó jẹ àmàlà nílé ọkùnrin náà lálẹ́ àná, wo fáànù tó ń yí láàárín wọn, ó ní, “Ojú lásán la jọ ń rí ara wa, sà.” Nínú Bíbélì, àkùkọ kọ nígbà tí Pétérù sọ irú ọ̀rọ̀ yìí. Kò sí àkùkọ kankan nínú ọ́fíìsì. Fáànù náà ṣáà ń yí, ó sì kọjú sí Nehemiah nìkan láti ọjọ́ náà lọ.

Òjò odindi ọdún kan rọ̀ tán kí wọ́n tó tú Ṣàmsúdéènì sílẹ̀. Iṣẹ́ tíṣà rẹ̀ ti bọ́, ó lọ ń dá oko ẹ̀gẹ́ ní Akinmọ́rìn, abúlé bàbá rẹ̀. Nehemiah ní tirẹ̀ parí ìwé eré náà. Ìlú jó. Ó yọ orúkọ Ṣàmsúdéènì kúrò, ó sì sọ tíṣà inú eré náà ní Ṣàmù, torí pé kò rí orúkọ míì rò lọ́jọ́ yẹn. Lẹ́yìn ìyẹn ó kọ *Ẹ Jẹ́ Kí Bàbá Ó Ṣe É*, ó tún kọ òmíràn tí ọ̀gágun kan ti fi ọwọ́ lásán dá àgbàrá dúró. Ó kọ́lé sí Fìdítì. Nígbà tí àwọn alágbádá gbàjọba, ó kó àwọn kásẹ́ẹ̀tì tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ jù sínú ṣáláńgá. Kò mọ̀ pé ọ̀kan wà ní Akinmọ́rìn.

Bí Dorothy ti lọ, Nehemiah gun ọ̀kadà, ó di Akinmọ́rìn.

Ó bá Ṣàmsúdéènì lábẹ́ àtíbàbà, ó ń bó ẹ̀gẹ́. Hàwáù ìyàwó rẹ̀ ń yan gàrí lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó wo àlejò náà lẹ́ẹ̀kan, ó sì kọjú sí agbada rẹ̀. Kò kí i.

“Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o,” ni Nehemiah wí, ó dọ̀bálẹ̀ dé ibi tí eékún rẹ̀ gbà á dé.

“Nehemiah. O sanra. Jókòó.”

“Ẹ̀gbọ́n, ọmọbìnrin kan láti Ìlọrà, ó ní…”

“Ó ti gbé e lọ.”

“Háà! Ẹ̀gbọ́n! Ẹ ti fún un?”

“Ó tọrọ rẹ̀ tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Ó kúnlẹ̀. Ó tún bá wa bó ẹ̀gẹ́.” Ṣàmsúdéènì ju ọ̀kan tó ti bó sínú agbọ̀n. “Ìwọ náà lè mú ọ̀bẹ kan tí o bá ń jókòó.”

Nehemiah ò mú ọ̀bẹ. “Ibo lẹ ti rí i? Kí ló tiẹ̀ dé tí ẹ fi tọ́jú ẹ̀ látọjọ́ yìí?”

“Ẹni tó ya eré náà ló mú un wá bá mi nígbà tí wọ́n tú mi sílẹ̀. Ó ní kí n má bínú sí òun. Nígbà tí fídíò ṣì wà nílé wa, tí inú mi bá bàjẹ́, mo máa ń wò ó. Ó máa ń pa mí lẹ́rìn-ín. Ọ̀rọ̀ tí o fi sí ọ̀gágun yẹn lẹ́nu, Nehemiah! ‘Ìlú yìí, mo fẹ́ràn yín ju bí ẹ ti fẹ́ràn ara yín lọ.’ Èmi ni mo kọ́ ẹ níṣẹ́. Ojú tì mí.”

Hàwáù rẹ́rìn-ín nídìí agbada, ó sì yára gbé e mì.

Nehemiah fa àpótí rẹ̀ súnmọ́ ọn. “Ẹ̀gbọ́n, mo ní àbá kan. Àwọn ọmọ yẹn fẹ́ fún mi ní àwọ́ọ̀dù. Màá sọ fún wọn pé àwa méjèèjì la jọ kọ ọ́. Wọ́n á dá orúkọ yín padà síbẹ̀. Ó máa jáde lára ògiri gàdàgbà: Ṣàmsúdéènì Ọláwálé.”

Ṣàmsúdéènì fi ọ̀bẹ sílẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́.

“Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́! Nínú gbogbo ohun tí o ṣe fún mi, èyí tó dára jù ni pé o yọ orúkọ mi kúrò níbẹ̀. Jọ̀ọ́, fi sílẹ̀ níbi tí o yọ ọ́ sí.”

Nehemiah padà sí Fìdítì pẹ̀lú eruku lójú. Kò sùn dáadáa títí ọ̀sẹ̀ náà fi parí. Ó rò ó lọ, ó rò ó bọ̀, ó wá pinnu pé bí òun ò bá lè dá fíìmù náà dúró, òun á di gbohùngbohùn mú, òun á máa túmọ̀ rẹ̀ bó ṣe ń lọ. Èèyàn kì í rí ohun tí wọn ò bá tọ́ka sí fún un, ohun tí wọ́n bá sì tọ́ka sí fún un ló ń rí. Iṣẹ́ tí ìjọba gbà á fún ṣáá nìyẹn.

Ọ̀sán ọjọ́ Sátidé ni wọ́n ṣe é, nínú gbọ̀ngàn ilé ẹ̀kọ́ kan ní Fìdítì. Àwọn ọ̀dọ́ fi aṣọ dúdú bo fèrèsé, wọ́n ta aṣọ funfun sára ògiri, jẹnẹrétọ̀ ń kùn lẹ́yìn ilé. Èrò kún. Nehemiah wọ agbádá aláwọ̀ ọ̀run, ó jókòó sórí àga ńlá níwájú, gíláàsì “Akọni Gègé” wà lórí tábìlì lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Dorothy jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ. Ṣàmsúdéènì àti Hàwáù dé nígbà tí wọ́n fẹ́ pa iná, wọ́n jókòó sí ọwọ́ ẹ̀yìn.

Fíìmù bẹ̀rẹ̀. Àwòrán ń gbọ̀n, àwọ̀ rẹ̀ ti pọ́n. Ìlú kan tí kò tòrò hàn: èèyàn mẹ́rin ń jà nítorí korobá. “Ìyẹn ń tọ́ka sí ìjìyà wa,” ni Nehemiah wí sínú gbohùngbohùn. Ọ̀gágun dé pẹ̀lú aṣọ tí wọ́n lọ̀ gírígírí, oòrùn yọ lẹ́yìn orí rẹ̀. “Ẹ wo oòrùn yẹn, ó mú jù. Mo fi ń sọ pé wọ́n ń jó wa ni.” Àwọn èèyàn ń mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni. Inú rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í dùn. Ó tilẹ̀ ń gba ara rẹ̀ gbọ́ díẹ̀díẹ̀.

Ó fò dìde. “Ẹ múra! Ẹ múra! Òun ló ń bọ̀ yìí! Ewúrẹ́!”

Ewúrẹ́ yọ. Gbogbo gbọ̀ngàn pàtẹ́wọ́. Ẹranko náà rìn wọlé láti apá òsì, okùn ń wọ́ tẹ̀ lé e, ó dúró, ó wo kámẹ́rà, ó ń jẹnu.

“Olórí ìjọba!” ni Nehemiah kígbe. “Ẹ wo bó ṣe ń jẹun wa!”

Lórí ògiri, ọ̀gágun bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó fi ọwọ́ pa ewúrẹ́ náà lórí, ó kọjú sí àwọn ará ìlú, ó ní, “Ẹ ò rí i? Ẹran pàápàá mọ ìjọba rere.”

Nehemiah dúró síbẹ̀ pẹ̀lú gbohùngbohùn lẹ́nu. Ó ti gbàgbé. Háà, ó ti gbàgbé pátápátá! Nígbà tí ewúrẹ́ wọlé lọ́jọ́sí, tí ojú ọ̀gá sọ́jà fẹ́ le, òun Nehemiah ló sáré kọ gbólóhùn yẹn sí àtẹ́lẹwọ́, tó nà án sókè kí òṣèré náà lè rí i kà. Ọ̀gá sọ́jà gbá a lẹ́yìn pẹ̀lẹ́ lọ́jọ́ náà. Inú Nehemiah dùn títí ilẹ̀ fi ṣú.

Ẹ̀rín bẹ̀rẹ̀ láti ọwọ́ ẹ̀yìn. Ọmọbìnrin kan ló kọ́kọ́ bú sẹ́rìn-ín, ó wá ràn bí iná ọyẹ́. Àwọn kan ń fi ọwọ́ lu àga. Ẹnì kan ké bíi ewúrẹ́. Nehemiah ń sọ nǹkan sínú gbohùngbohùn, “Àwàdà ni! Ẹ̀fẹ̀ ni!” àmọ́ kò sẹ́ni tó ń gbọ́. Ó jókòó.

Kò pẹ́ tí ẹ̀rín náà fi dáwọ́ dúró fúnra rẹ̀, torí pé fíìmù kò dúró. Tíṣà yọ. Wọ́n pè é ní Ṣàmù. Ó ń kọ́ àwọn ọmọ pé kí wọ́n máa béèrè ìdí. Sọ́jà méjì wá, wọ́n di apá rẹ̀ mú, wọ́n gbé e jù sẹ́yìn ọkọ̀. Ìlú sì tú jáde, ọmọdé àti àgbà, wọ́n ń jó, wọ́n ń ju fìlà sókè. Ijó náà pẹ́. Ó pẹ́ ju bó ṣe yẹ lọ. Àwọn tó mọ Ṣàmsúdéènì ti ń yíjú wẹ̀yìn lọ́kọ̀ọ̀kan.

Nígbà tí wọ́n tanná, Ṣàmsúdéènì ló nawọ́ pé òun fẹ́ sọ̀rọ̀. Wọ́n gbé gbohùngbohùn lọ bá a.

“Mo kí yín o, ẹ̀yin èèyàn mi. Ìgbà tí wọ́n ń jó yẹn, yàrá kan tí kò ní fèrèsé ni mo wà. Mi ò gbọ́ nǹkan kan.” Ó tọ́ka sí aṣọ funfun ara ògiri. “Mo ti ń wo ijó yìí ọjọ́ ti pẹ́, ohun kan ṣoṣo ló ń dùn mí. Ẹsẹ̀ wọn ò bára mu. Ọ̀kan ń lọ sọ́tùn-ún, ìkejì ń lọ sósì. Nehemiah, ọjọ́ tí o bá tún máa mú kí ìlú yọ̀ pé wọ́n mú mi, jọ̀ọ́, jẹ́ kí wọ́n kọ́kọ́ fi ijó dánra wò.”

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Ó dá gbohùngbohùn padà, òun àti Hàwáù dìde, wọ́n lọ.

“Mo ní ìyàwó nígbà náà!” ni Nehemiah kígbe tẹ̀ lé wọn. “Mo ní ọmọ! Kí lẹ fẹ́ kí n ṣe?”

“Òun náà ní ìyàwó,” ni Àlàkẹ́ wí láti ìlà kejì. Kò gbé ohùn sókè, àmọ́ gbogbo èèyàn gbọ́ ọ.

Adéolúwa dúró níwájú pẹ̀lú gíláàsì lọ́wọ́. Ó wo Dorothy, Dorothy wo ilẹ̀. Wọ́n ti kọ orúkọ sí i lára, kò sì sí Nehemiah Ọládòkun míì nílùú tí wọ́n lè gbé e fún. Ó wá rìn lọ bá bàbá, ó gbé e lé e lẹ́sẹ̀ bí ẹni ń dá àwo olóhun padà, ó ní, “Ẹ kú iṣẹ́, sà.” Bàbá sì gbà á. Ẹ̀yin ẹ sọ bóyá ẹ gbọ́ pé ó kọ̀ ọ́.

Kí ilẹ̀ ọjọ́ náà tó ṣú, àwòrán ewúrẹ́ ti dé orí fóònù gbogbo èèyàn láti Ìlọrà dé Awẹ́. Bí iná bá lọ, wọ́n á ní, “Ẹran pàápàá mọ ìjọba rere.” Bí mọ́tò bá kó sí kòtò, gbólóhùn yẹn náà ni. Àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ ń ké “mẹ̀ẹ̀” kọjá níwájú ilé Nehemiah. Ó ti ilẹ̀kùn, ó ti fèrèsé. Lọ́jọ́ Àìkú, ó ní ẹ̀yìn ń dun òun, kò lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì.

Dorothy gbé kámẹ́rà lọ sí Akinmọ́rìn kó tó padà sí Jámánì. Adéolúwa àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ tẹ̀ lé e. Ṣàmsúdéènì ní òun á sọ gbogbo rẹ̀ fún wọn, àmọ́ ẹ̀gẹ́ kì í dúró de ìtàn. Wọ́n bó ẹ̀gẹ́ títí ọwọ́ wọn fi funfun. Nígbà tó yá, ó sọ ọ́. Ìtàn náà kò gùn. Kò ní ẹranko kankan nínú.

Àwọn àgbà ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Òótọ́ ni. Wọn ò kàn sọ fún wa pé bí òtítọ́ bá bá a tán, irọ́ lè wọ mọ́tò kó tún gba ibòmíì lọ.

Mọ́tò náà dé ní ọ̀sẹ̀ kejì. Dúdú ni, gíláàsì rẹ̀ náà dúdú. Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Olúkúnlé ló sọ̀kalẹ̀ níbẹ̀, ó ní agbẹnusọ fún ọ̀gá òṣèlú kan lòun, ẹni tó ń dupò ńlá. Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja.

“Dádì, ọ̀gá wa rí i lórí fóònù. Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó dákẹ́, ó ní, ‘Ta ló kọ eléyìí? Wọ́n mú tíṣà wọn lọ, ìlú sì ń jó. Ẹni tó bá lè mú kí ìlú jó síyẹn, kò sí ohun tí kò lè mú kí wọ́n jó sí.’ Ó ní kí a wá mú yín wá.”

“Mo ti fẹ̀yìntì,” ni Nehemiah wí. Ó wo mọ́tò náà lẹ́ẹ̀kan. “Ẹgbẹ́ òṣèlú wo ni?”

Olúkúnlé sọ ọ́ fún un.

“Àwọn tí mo ń bú lójoojúmọ́ nìyẹn,” ni Nehemiah wí, ó sì dìde lọ wá bàtà.

Àlàkẹ́ bá a nínú yàrá níbi tó ti ń ka aṣọ sínú báàgì. Ó fara ti ilẹ̀kùn.

“Bàbá Tóyọ̀sí, ta ni wọ́n máa mú nínú eléyìí?”

“Wọn ò ní mú ẹnikẹ́ni. Ìjọba àwarawa la wà. Wọn kì í mú èèyàn nínú fíìmù mọ́.”

“Níta ńkọ́?”

Nehemiah fa síìpù báàgì náà. Síìpù náà há, ó fà á títí ó fi gbà.

“Ẹ ò ní bá mi nílé tí ẹ bá dé,” ni Àlàkẹ́ wí. “Ọ̀dọ̀ Tóyọ̀sí ni mo máa wà, ní Ọ̀yọ́. Ẹ̀wà wà nínú ìkòkò.”

Nehemiah rò pé ńṣe ló ń dẹ́rù ba òun. Kò dẹ́rù bà á. Àlàkẹ́ lọ lóòótọ́, kò sì padà títí di bí mo ti ń sọ yìí.

Ní Ìbàdàn, wọ́n fún Nehemiah ní tábìlì tó ń dán àti yàrá tí ẹ̀rọ amúlétutù wà. Olúkúnlé jókòó sórí etí tábìlì, ó ń ṣàlàyé fún un. Ọ̀gá máa dé abúlé kan tí ọ̀dá ti mú. Bó bá ti dé, òjò gbọ́dọ̀ rọ̀.

“Ṣùgbọ́n òjò ò gbọdọ̀ pa á, Dádì. Aṣọ rẹ̀ ò gbọdọ̀ tutù.”

“Ó yé mi,” ni Nehemiah wí. “Ṣé kí òjò náà bẹ̀rẹ̀ kó tó sọ̀kalẹ̀ nínú mọ́tò ni, àbí lẹ́yìn tó bá ti sọ̀kalẹ̀ tán, sà?”

Olúkúnlé ronú sí i. “Kó kọ́kọ́ gbàyè lọ́wọ́ ọ̀gá ná.”

Nehemiah ṣí ìdérí gègé rẹ̀, ó sì kọ ọ́ sílẹ̀.